Èèrà Kì í Jẹ Epo Ìbọn

Èèrà ló kọ́kọ́ dé ìdí ẹ̀rí náà kí Ìnsípẹ́kítọ̀ Olúfọlákẹ́ tó dé.

Wọ́n tò bí ìlẹ̀kẹ̀ wẹ́wẹ́ láti ojú fèrèsé, wọ́n gun ẹsẹ̀ tábìlì, wọ́n sì gba ihò kékeré kan wọ inú àpò ìwé tí wọ́n fi òǹtẹ̀ dì lẹ́nu. Kọ́pùrù Ìsmáílà gbé àpò náà sókè, ó gbọ̀n ọ́n, ó ń fi ọwọ́ kejì gbá apá ara rẹ̀.

"Àǹtí, ẹ wo ayé! Èèrà ò tiẹ̀ bẹ̀rù ọlọ́pàá mọ́."

"Ta ló jẹ búrẹ́dì sórí tábìlì yìí?"

"Kì í ṣe èmi o. Ààwẹ̀ ni mo gbà lónìí."

"Ààwẹ̀ tí o fi ń gbóòórùn ẹ̀wà aládùúgbò láti àárọ̀?"

Ìsmáílà rẹ́rìn-ín. Fọlákẹ́ tẹ́ áńkáṣíìfù funfun sílẹ̀, ó da ohun inú àpò náà sórí rẹ̀. Ọta mẹ́rìnlá yí jáde, irin pẹlẹbẹ kan tó gùn tó àtẹ́lẹwọ́ sì tẹ̀ lé wọn. Mágásìn ni wọ́n ń pe irin náà. Òun ni ilé ọta, òun ni wọ́n ń tì bọ ìdí ìbọn ìléwọ́, sípíríǹgì inú rẹ̀ ló sì ń ti ọta sókè ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Bí ilé ọta bá kọṣẹ́, ìbọn di òòlù lásán.

Ohun tó sì ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ Ajé nìyẹn. Ní ọ̀sán gangan, àwọn olè mẹ́ta fo fẹ́ǹsì ilé ìkẹ́rùsí kan ní Ìsọlọ̀, níbi tí wọ́n kó oògùn àwọn oníìtọ̀ ṣúgà sí. Kọ́pùrù Olúsọjí ti Ẹ̀ka Alóre, ẹ̀ka ọlọ́pàá kékeré tó ń ṣọ́ àwọn ilé ìkẹ́rùsí láti Ìsọlọ̀ dé Apákùn, ló wà lẹ́nu ọ̀nà. Ó yin ìbọn lẹ́ẹ̀kan, ó dún gbòà. Ó yìn ín lẹ́ẹ̀kejì, ó dún "kà", bí ìgbà tí ènìyàn pa ẹ̀kùrọ́ tí kò lọ́mọ nínú. Kí ó tó rí nǹkan ṣe, ọ̀pá irin ti balẹ̀ lápá rẹ̀, egungun ti ṣẹ́. Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run tí ẹ̀mí kò bá a lọ. Àwọn ará àdúgbò lé àwọn olè náà mú, oògùn sì padà síbi tí wọ́n ti gbé e.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló kù nílẹ̀: kí ló ṣe ìbọn Olúsọjí?

Ọ̀gá Ọmọ́ṣẹ̀yìndé, tó jẹ́ olórí Ẹ̀ka Alóre, kò rí i bí ìbéèrè. Ó ti ní ìdáhùn lẹ́nu kí Fọlákẹ́ tó jókòó.

"Ọjà ọ̀pọ̀ ni! Ọlálérè tó ń tọ́jú ìbọn wa ló lọ yan mágásìn tí kì í ṣe ti ilé-iṣẹ́ tó ṣe ìbọn. Ó gba àbẹ̀tẹ́lẹ̀, ó ra pàǹtírí fún wa. Ìgbẹ́jọ́ rẹ̀ di ọ̀sán Fúráídè. Mo máa lé e lọ láìsí kọ́bọ̀ ìfẹ̀yìntì."

"Ó ku oṣù márùn-ún kí ó fẹ̀yìntì, Sà. Ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ló fi sìn."

"Ìdí nìyẹn tó fi fẹ́ jẹun yó kó tó lọ."

"Ṣé ẹ ti dán mágásìn náà wò, Sà?"

"Ìnsípẹ́kítọ̀, ṣé ó yẹ kí ènìyàn dán òkú wò kí ó tó sin ín?"

Fọlákẹ́ tẹríba, ó jáde. Lójú ọ̀nà ló sọ fún Ìsmáílà pé, "Ẹni tó bá sin òkú láìdán an wò, ọjọ́ kan ni yóò sin alààyè. Ọjọ́ Ẹtì ò jìnnà. Kí Ọlọ́run là wá lójú."

*

Yàrá ìkó-ìbọn-sí mọ́ ju ilé ìdáná ìyàwó tuntun lọ. Sájẹ́ǹtì Ọlálérè Fákúnlé, ọmọ ilé alágbẹ̀dẹ ní Ṣakí, jókòó sórí àpótí pẹ̀lú aṣọ ìnuwọ́ lórí eékún. Wọ́n ti gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n wọn kò gba ìjókòó rẹ̀.

"Ẹ kú ìjókòó, Bàbá Tẹ́júọlá."

"Màdámú, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pè mí bẹ́ẹ̀ lónìí." Ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Tẹ́júọlá fóònù mi láàárọ̀. Ó ní wọ́n ń sọ ọ́ níbi iṣẹ́ òun pé bàbá òun ń bá olè dòwò pọ̀. Ẹ máa pè mí ní Sájẹ́ǹtì títí n ó fi wẹ̀ mọ́."

Fọlákẹ́ fa àga kan, ó jókòó tì í. "Ó dáa, Sájẹ́ǹtì. Kí ni ẹ gbà lọ́wọ́ ẹni tó tà á?"

Bàbá na ìka sí ara ògiri. Kàlẹ́ńdà kan ló wà níbẹ̀, ti ọdún tó kọjá. "Òun nìyẹn. Mo sì kọ orúkọ ẹni tó fún mi sí ẹ̀yìn rẹ̀."

Ìsmáílà lọ yí i wò. Orúkọ wà níbẹ̀ lóòótọ́.

"Báwo lẹ ṣe yan mágásìn náà?"

Ó dà bí ẹni pé wọ́n fẹ́ná sí èédú. Bàbá gbéra dìde, ẹ̀yìn rẹ̀ nà. "Ẹ jókòó dáadáa kí n sọ fún yín. Ti ilé-iṣẹ́ tó ṣe ìbọn, owó ọ̀kan rẹ̀ tó ra mẹ́ta tí ilé-iṣẹ́ mìíràn ṣe. Ọ̀gá ní kí n wá èyí tí apá wa ká. Mo ní kò burú. Mo ní kí wọ́n kó méje wá fún mi, oríṣi méje, kí n bá wọn gbé."

"Kí ẹ bá wọn gbé?"

"Bẹ́ẹ̀ ni! Ṣé ènìyàn ń fi ọmọ fún ọkọ tí kò bá gbé? Mo ki ọta kún inú gbogbo wọn, mo fi wọ́n sílẹ̀ fún oṣù kan gbáko. Méjì nínú wọn, ó ti rẹ sípíríǹgì wọn; ó ń ti ọta bí arúgbó tó ń ti ọkọ̀. Mo da àwọn yòókù sórí kọnkéré láti ìwọ̀n èjìká. Ọ̀kan tú nídìí, ọta fọ́n ká bí ẹ̀wà. Mo fi àtàǹpàkò ra ètè wọn, ibi tí ọta ń gbà jáde. Ti ọ̀kan ti là, kò le di ọta mú mọ́. Ọ̀kan kì í já bọ́ bí mo bá tẹ bọ́tìnnì ìbọn. Àfi kí n fà á bí eyín. Ó ku méjì."

"Ẹ wá mú èyí tó pọ́ọ́kú jù nínú méjèèjì."

"Rárá o. Mo mú èyí tó fi díẹ̀ wọ́n ju èkejì lọ, nítorí mo lè ra sípíríǹgì rẹ̀ lọ́tọ̀ lọ́jọ́ tó bá gbó. Nígbà tí àwọn tí a rà dé, mo yin ọgọ́rùn-ún ọta láti inú ọ̀kọ̀ọ̀kan kí n tó fi lé ẹnikẹ́ni lọ́wọ́." Ó fi ọwọ́ lu àyà. "Màdámú, kí nǹkan pọ́ọ́kú kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Kí ènìyàn rà á láìdán an wò ni ẹ̀ṣẹ̀. Baba tó bí bàbá mi kì í jẹ́ kí ọkọ́ jáde ní ilé arọ́ láìtíì fi í gbẹ́ ilẹ̀ ẹ̀yìnkùlé ara rẹ̀."

Ó yí mágásìn kan dé, ó fi ìdí rẹ̀ hàn wọ́n. Àmì ẹwìrì kékeré kan wà níbẹ̀, irú èyí tí ilé wọn máa ń lù sára irin, pẹ̀lú nọ́ńbà lábẹ́ rẹ̀. Olúsọjí ní mẹ́ta: mẹ́tàdínlógún, méjìdínlógún àti mọ́kàndínlógún. Mẹ́tàdínlógún ló kọṣẹ́.

"Gbogbo Fúráídè ni wọ́n ń kó wọn wá kí n nù wọ́n," ni bàbá wí, ó ṣí ìwé rẹ̀. "Ẹ wò ó. Mẹ́tàdínlógún ò wá fún Fúráídè márùn-ún. Olúsọjí ní ó wà nínú dúrọ́ọ̀ níbi iṣẹ́. Mo kọ ọ́ sílẹ̀, mo gbé e lọ bá Ọ̀gá. Wọ́n fọwọ́ sí i. Mo tún lọ. Wọ́n tún fọwọ́ sí i."

Fọlákẹ́ wo ìfọwọ́sí náà lẹ́ẹ̀mejì. Ìwé tí ènìyàn kà kì í ní irú ìfọwọ́sí yẹn. Ó rí bí ipasẹ̀ adìyẹ tó ń sá òjò. Ó ya fọ́tò ojú ìwé náà, ó sì dìde.

*

Ẹlẹ́rìí tí Ọ̀gá Ọmọ́ṣẹ̀yìndé gbójú lé ni Ethan, ọ̀kan nínú àwọn olè mẹ́ta náà. Ó ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé àwọn mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ìbọn Olúsọjí kò ní í ṣiṣẹ́.

"Ẹ mọ̀?" Fọlákẹ́ bi í.

"A mọ̀, Mà. Inú ọgbà yín ni wọ́n ti sọ fún wa. Kò sí ohun tí a kì í mọ̀."

"Akin ni ẹ́. Na ẹsẹ̀ rẹ."

"Mà?"

"Na ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ."

Ethan na ẹsẹ̀. Fọlákẹ́ mú kánfáàsì pupa kan jáde láti inú náílọ́ọ̀nù, ó kì í bọ̀ ọ́ lẹ́sẹ̀. Ó wọlé ṣinṣin.

"Orí wáyà fẹ́ǹsì la ti já a. Nígbà tí ìbọn dún gbòà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, o fò débi pé bàtà kò le bá ọ lọ. Ethan, ẹni tó mọ̀ pé ìbọn ò ní í ṣiṣẹ́, kí ló ń sá fún?"

Ọmọkùnrin náà wo bàtà. Ó wo òrùlé. Ìsmáílà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín nínú imú.

"Ẹnìkejì mi ò sá, Mà. Nígbà tó gbọ́ 'kà' ló padà."

"Ó padà nítorí ohun tó gbọ́. Kò mọ̀ tẹ́lẹ̀. Ta ló kọ́ ọ ní ohun tí o kọ?"

"Kò sẹ́ni tó kọ́ mi. Ọ̀gá kan bi mí pé ṣé a mọ̀ ni. Mo rí i pé ó wu ọ̀gá náà kí n sọ pé bẹ́ẹ̀ ni. Mo rò pé yóò dín ẹjọ́ mi kù."

"Yóò fi irọ́ kún olè ni." Fọlákẹ́ dìde. "Bọ́ bàtà náà sílẹ̀. Ẹ̀rí ni."

*

Ó ku ọ̀rọ̀ kan tí wọ́n ń sọ kiri ọgbà: pé wọ́n rí Sájẹ́ǹtì Ọlálérè ní Òṣòdì, ní ìsọ̀ Diamond, níbi tó ti lọ ra ayédèrú. Obìnrin yìí ń ta bẹ́líìtì, fèrè, bàtà àti báàgì ìgbànú fún àwọn ẹ̀ṣọ́, nísàlẹ̀ afárá ẹlẹ́sẹ̀ tó kọjú sí ojú irin. Ọ̀sán Ọjọ́bọ̀ ni wọ́n dé ibẹ̀. Ọkọ̀ ojú irin ń fọn bọ̀, gbogbo ènìyàn ń pariwo ju u lọ.

"Irin tó ń gbé ọta?" Diamond fi ọwọ́ méjèèjì bo etí. "Èmi? Ní Òṣòdì yìí? Kí àwọn ọmọ ìta wá kó mi pẹ̀lú ọjà? Àǹtí ọlọ́pàá, ẹ dákun, ọmọ mẹ́rin ni mo bí!"

"Àmọ́ bàbá náà wá."

"Bàbá onígi? Ó wá! Báàgì pélébé tí wọ́n ń kó irin yẹn sí ló wá rà. Ẹ ò mọ̀ pé ó dá mi lẹ́rìn-ín? Ó gbẹ́ igi ní ìwọ̀n irin náà, ó ń ki igi bọ báàgì kọ̀ọ̀kan. Mo ní, 'Bàbá, ẹ ò mú irin gan-an wá?' Ó ní irin ìjọba kì í jáde kúrò lọ́gbà, ì báà ṣófo. Mo ní àwọn ọmọ yín ń mú un jáde kẹ̀!"

Fọlákẹ́ kò mira. "Ọmọ wo?"

"Ṣé mo mọ orúkọ ni? Ó ga, ìyàwó rẹ̀ ń ránṣọ, nítorí ó ń yẹ ojú ìránṣọ báàgì mi wò bí ẹni fẹ́ bá mi jà. Ọjọ́ Ìsinmi àkọ́kọ́ oṣù ni, láti ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n ń bọ̀. Ó fa irin jáde lápò, ó kì í bọ inú báàgì mi. Ẹ wá wo bó ṣe bà á jẹ́ fún mi!"

Ó wá inú páálí ọjà rẹ̀, ó ju báàgì dúdú kan sílẹ̀. Inú rẹ̀ ti rin gbindin. Èèrà méjì tó ti kú lẹ̀ mọ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀.

Fọlákẹ́ gbé e sí imú. Ó di ojú.

Kì í ṣe òórùn yàrá ìkó-ìbọn-sí ló gbọ́. Kì í ṣe kẹrosíìnì, kì í ṣe epo ọkọ̀. Ibi tí òórùn náà gbé e lọ ni orí eékún ara rẹ̀, níwájú pẹpẹ, ní àdúrà ìbẹ̀rẹ̀ oṣù, tí àtàǹpàkò olùṣọ́ àgùntàn ń kan iwájú orí rẹ̀.

"Mo rà á," ló wí.

"Èyí tó ti bàjẹ́?"

"Òun gan-an ló sàn."

Nínú ọkọ̀, Ìsmáílà kò le mú un mọ́ra. "Àǹtí, kí lẹ rí?"

"Ọdún mélòó lo ti ń nu ìbọn?"

"Ọdún mọ́kànlá."

"Ṣé o rí èèrà lára ìbọn rí?"

"Láéláé. Kí ni èèrà fẹ́ wá níbẹ̀? Epo ìbọn kì í ṣe ohun jíjẹ…" Ó tẹ bíréèkì lójijì. Onímárúwá ẹ̀yìn wọn bú u ní èdè méjì. "Subhanallah! Èèrà orí tábìlì!"

"Wọn ò wá jẹ búrẹ́dì. Mágásìn ni wọ́n wá jẹ. Mo fi ọ̀rọ̀ ààwẹ̀ rẹ ṣeré, ẹ̀rí sì ń rìn lójú mi." Fọlákẹ́ mi orí. "Kẹ̀kẹ́ tó bú wa yìí ti kọjá lọ. Ó yá, hòsípítù."

*

Olúsọjí wà lórí bẹ́ẹ̀dì ní hòsípítù kan ní Ìsọlọ̀, apá rẹ̀ wà nínú sìmẹ́ǹtì. Kúnbi ìyàwó rẹ̀ ń bó ọsàn fún un. Obìnrin náà rọra kúnlẹ̀ kí wọn, ó fún Fọlákẹ́ ní àga.

"Ìyá mi, ẹ kú ìtọ́jú," ni Fọlákẹ́ wí. Kò wo ọkọ rárá. "Wọ́n ní ẹ ń ránṣọ."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mà. Ní Ìsọlọ̀ níhìn-ín."

"Ní ṣọ́ọ̀ṣì tèmi, lọ́jọ́ Ìsinmi àkọ́kọ́ oṣù, oníkálukú ń gbé ohun iṣẹ́ rẹ̀ wá fún àdúrà. Awakọ̀ á gbé kọ́kọ́rọ́, oníṣòwò á gbé òṣùwọ̀n. Èmi, bírò ni mo máa ń gbé. Ṣé ẹ̀yin náà ń ṣe bẹ́ẹ̀?"

Ojú Kúnbi tàn. "À ń ṣe é o! Sísọ́ọ̀sì ìgéṣọ mi ni mo máa ń gbé lọ. Wọ́n á ta òróró sí i."

"Sí ojú rẹ̀ tó mú?"

"Ẹ̀ẹ̀! Sí ọwọ́ rẹ̀ ni, Mà. Bí òróró bá kan ojú rẹ̀, ó pẹ́ ni, á lẹ̀, á gba eruku, á di gọ́ọ̀mù. Kò ní í gé aṣọ mọ́, á tún…"

Ọsàn já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó yí lọ sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Ó wo Fọlákẹ́, ó wo ọkọ rẹ̀, ó sì fi ọwọ́ bo ẹnu.

"Olúsọjí," ó wí jẹ́jẹ́, "ṣé èmi ni?"

"Kì í ṣe ìwọ." Ọkùnrin náà yí ojú sí ògiri. "Èmi ni mo gbé e jáde lọ́gbà. Èmi ni mo gbé e wálé, tí n kò jẹ́ kí bàbá nù ún."

"Gbogbo ọjọ́ Ìsinmi ni mo ń dà á sí i," Kúnbi ń sunkún. "Mo ní ibi tí ọta ń gbà jáde ni kí àdúrà gbà wọlé. Gbogbo ọjọ́ Ìsinmi, Mà. Ìfẹ́ ni mo fi ṣe é."

"Mo mọ̀. Sáà dákẹ́, ìyá mi." Fọlákẹ́ wá kọjú sí Olúsọjí. "Bàbá Ọlálérè yóò kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lọ́la bí olè. O mọ̀, o sì dákẹ́?"

"Ẹ̀rù bà mí, Mà. Wọ́n lè lé mi pé mo gbé irin ìjọba relé. Àti pé…" Ó kọjú sí i. "Ṣé kí n wá dìde láàárín ènìyàn, kí n sọ pé òróró Ọlọ́run ló dójú tì mí?"

"Ta ló sọ bẹ́ẹ̀ fún ọ? Ọ̀pá irin tó bà ọ́ lápá, orí rẹ ni wọ́n fẹ́ fi lù. Ta ló yí i kúrò? Àdúrà ìyàwó rẹ gbà. Ibi tí ẹ da òróró sí ni kò gbà á. Orí ọba, orí àlùfáà, orí ènìyàn ni wọ́n ń ta á sí. Bí o bá fẹ́ ya ìbọn sí mímọ́, ya ẹni tó dì í mú sí mímọ́." Ó dìde. "N kò ní í wọ́ ọ. Aago méjìlá ọ̀sán ọ̀la. Ẹsẹ̀ rẹ ò ṣẹ́."

*

Lọ́jọ́ Ẹtì, gbogbo Ẹ̀ka Alóre kún inú gbọ̀ngàn. Ọ̀gá Ọmọ́ṣẹ̀yìndé ti kọ ìdájọ́ sílẹ̀. Ó ku kí ó kà á. Sájẹ́ǹtì Ọlálérè dúró láàárín, bàtà rẹ̀ ń dán, fìlà rẹ̀ wà lábẹ́ apá.

"Kí ẹ tó kà á, Sà," ni Fọlákẹ́ wí, "ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi wo ojú fèrèsé."

Àwo pẹrẹsẹ mẹ́ta ló wà níbẹ̀ láti àárọ̀, mágásìn kọ̀ọ̀kan nínú wọn. Kò sí nǹkan kan nínú àwo méjìdínlógún. Kò sí nǹkan kan nínú mọ́kàndínlógún. Èèrà ti bo mẹ́tàdínlógún bí ìgbà tí wọ́n da ṣúgà sílẹ̀.

"Ilé-iṣẹ́ kan náà ló ṣe wọ́n. Iye kan náà la rà wọ́n. Ọwọ́ kan náà ló yàn wọ́n. Bí ó bá ṣe pé irin olówó pọ́ọ́kú ló ń pe èèrà, kí ló dé tí wọn ò kí àwọn àbúrò rẹ̀? Ohun jíjẹ ló wà nínú eléyìí. Òróró ólífì ni, ó ti lẹ̀, ó ti gba eruku Ìsọlọ̀, ó di sípíríǹgì mú. Ọta mẹ́rìnlá jókòó, wọn ò le gòkè."

"Ọlálérè ló dà á sí i nígbà náà!" Ọ̀gá na ìka.

"Èmi ni."

Gbogbo orí yí. Olúsọjí ló wọlé, apá rẹ̀ wà lọ́rùn, Kúnbi wà lẹ́yìn rẹ̀. Ó sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kò fi ọ̀kan pamọ́, kò sì jẹ́ kí ìyàwó rẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ kan. Nígbà tó parí, ó dọ̀bálẹ̀ fún bàbá pẹ̀lú apá kan.

"Dìde, dìde, o máa tún ìyókù ṣẹ́," ni bàbá wí.

Ọ̀gá Ọmọ́ṣẹ̀yìndé wú ikọ́. "Ó ṣì yẹ kí olùtọ́jú ìbọn mọ̀ pé kò wá fún ìnùnù."

Fọlákẹ́ ṣí ìwé, ó tẹ́ ẹ síwájú rẹ̀. "Ó mọ̀, Sà. Ó kọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Ìfọwọ́sí yìí, Sà, ẹ bá wa wò ó. Ta ló ni í?"

Ọ̀gá wo ìfọwọ́sí ara rẹ̀. Ó mú ìdájọ́ tó ti kọ, ó fà á ya sí méjì. Ó bọ́ fìlà.

"Tèmi ni," ló wí. "N kò kà á. Sájẹ́ǹtì, mo jẹ̀bi yín."

"Mo gbà, Sà. Àmọ́ kò tíì tó." Bàbá gbé orí sókè. "Wọ́n ti pe iṣẹ́ ọwọ́ mi ní pàǹtírí létí gbogbo ènìyàn. Létí gbogbo ènìyàn ni mo fẹ́ kó ti dáhùn."

Wọ́n jáde sí ẹ̀yìnkùlé, níbi ìdánrawò. Bàbá tú mẹ́tàdínlógún palẹ̀ lójú wọn. Ó fọ̀ ọ́, ó nù ún, ó sá a sóòrùn, ó tò ó padà, sípíríǹgì kan náà, irin kan náà. Ó gba ọta mẹ́rìnlá náà tí Fọlákẹ́ ti nù, ó kì wọ́n ní ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń ka ìlẹ̀kẹ̀ ìyàwó. Ọ̀gá fúnra rẹ̀ gbé ìbọn lé e lọ́wọ́.

Gbòà. Gbòà. Àwọn ọlọ́pàá bẹ̀rẹ̀ sí í kà á. Nígbà tó di mẹ́wàá, ariwo wọn ti ju ti ìbọn lọ. Mọ́kànlá! Méjìlá! Mẹ́tàlá! Ìkẹrìnlá lu àárín gbùngbùn pátákó, ó sì dákẹ́.

Kò sí "kà" kankan.

Ohun tó wà lọ́fun Fọlákẹ́ láti ìgbà tó ti bá bàbá sọ̀rọ̀ ní yàrá ìkó-ìbọn-sí wá jáde fúnra rẹ̀, ó sì kì í sókè:

"Ọlálérè, ọmọ afẹwìrì-jí!
Ọmọ iná ń bínú, alágbẹ̀dẹ ń rẹ́rìn-ín.
Irin pupa kò le, ọwọ́ tó mú ẹ̀mú ló le.
Ọmọ a-rọ-ọkọ́-fún-olóko, a-rọ-idà-fún-ológun,
Wọ́n wá irọ́ dé ilé arọ́ rẹ,
Wọ́n ní kò sí lórí àtẹ!"

Bàbá gbé ìbọn sílẹ̀. Ó fa fóònù yọ, ó tẹ nọ́ńbà. "Tẹ́júọlá? Èmi ni. Sọ fún wọn níbi iṣẹ́ rẹ pé mẹ́rìnlá ni mo yìn, mẹ́rìnlá ló jáde. Ẹ̀ẹ́n. Kò sóhun tó le, ọmọ mi."

Ọ̀gá ní ìyà Olúsọjí yóò wà, nítorí òfin ni òfin. Bàbá ló bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n gba okùn ipò kan lára aṣọ rẹ̀, kí wọ́n má gba oúnjẹ lẹ́nu ọmọ rẹ̀. Wọ́n gbà fún un.

"Ó ku ọ̀rọ̀ kan," ni Ọ̀gá wí. "Ìwé ti dé pé kí á ra mágásìn mẹ́wàá sí i. Èwo ni kí á rà?"

"Irú kan náà, Sà," ni bàbá dáhùn. "Ẹ ní kí wọ́n kọ́kọ́ kó wọn wá bá mi gbé."

Nígbà tí èrò ń tú ká ni Kúnbi rìn wá pẹ̀lú ìgò kékeré lọ́wọ́, ojú ń tì í. Ó kúnlẹ̀. "Bàbá, ó kù díẹ̀ nínú rẹ̀. Mo bẹ̀ yín, ẹ jẹ́ kí n gbé e síbi tó yẹ."

Arúgbó náà wò ó. Ó fi fìlà lé Ìsmáílà lọ́wọ́, ó tẹ orí tó ti pá síwájú. Kúnbi ta òróró sí i, ó gbàdúrà kúkúrú, gbogbo àwọn tó kù nílẹ̀ ní "Àmín". Oòrùn ọ̀sán bà á lórí, ó ń dán bí irin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde lábẹ́ òòlù.

"Bàbá Tẹ́júọlá," ni Fọlákẹ́ pè é.

"Màdámú," ló jẹ́, pẹ̀lú ẹ̀rín.

Ìsmáílà dá fìlà padà fún un. "Bàbá, ẹ dé e kíá," ló wí. "Èèrà Ìsọlọ̀ ti ń wò yín láti ojú fèrèsé."